Ìbéèrè Yín: Akọ̀wé owó tó ń kọ ìwé eré nínú ọkọ̀ ojú irin

Lóṣù tó kọjá, mo dárúkọ Shinobu Hashimoto ọmọ Jàpáànù lójú ewé yìí. Mo ní nínú gbogbo àwọn tó ń kọ ìwé eré fíìmù, òun ni mo fẹ́ràn jù, pé ó sì ṣe akọ̀wé owó rí, mo sì bá ọ̀rọ̀ mìíràn lọ. Lẹ́tà yín kò jẹ́ kó parí síbẹ̀. Ọdún méjìlélógún ni mo ti fi ń ka ìwé eré fún àwọn tó ń ṣe fíìmù, ó sì ti pẹ́ tí mo ti ń retí kí ẹnì kan béèrè ọkùnrin yìí lọ́wọ́ mi.

ÌBÉÈRÈ: Ẹ kú iṣẹ́, Màmá. Ọmọ ọdún mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n ni mí, akọ̀wé owó ni mí n'Íbàdàn. Alaalẹ́ ni mo ń kọ ìwé eré, ṣùgbọ́n n kò mọ ẹnikẹ́ni nídìí fíìmù. Àwọn ọ̀rẹ́ mi ní ẹni tí kò bá gbé Èkó, tí kò tẹ̀ lé ọ̀gá kan kiri, kò lè débẹ̀. Ẹ ní Hashimoto yín náà ṣe akọ̀wé owó rí. Báwo ló ṣe débẹ̀?

ÌDÁHÙN: Ọmọ mi, Tokyo jìnnà sí Hashimoto ju bí Èkó ṣe jìnnà sí ọ lọ. Ìgbèríko Hyogo, lápá ìwọ̀-oòrùn Jàpáànù, ni wọ́n bí i sí lọ́jọ́ 18 oṣù Kẹrin ọdún 1918. Ó wọṣẹ́ ológun ní 1938, kò sì pẹ́ tí wọ́n fi rí ikọ́ ẹ̀gbẹ lára rẹ̀. Wọ́n gbé e lọ sí ilé ìtọ́jú àwọn ológun ní Okayama, ọdún mẹ́rin ló sì lò níbẹ̀. Oògùn tó ń wo ikọ́ ẹ̀gbẹ kò tíì dé nígbà náà. Ẹni tó bá ní in á kàn dùbúlẹ̀ ni, á máa wo àjà.

Aláìsàn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ kan ló yá a ní ìwé ìròyìn fíìmù kan. Wọ́n tẹ odindi ìwé eré kan sínú rẹ̀. Hashimoto kà á tán, ó yà á lẹ́nu pé gbogbo ohun tí wọ́n ń pè ní ìwé eré kò ju báyìí lọ, ó ní òun náà lè kọ èyí tó dáa jù ú lọ. Ẹni tó yá a ní ìwé ní kò rọrùn tó bẹ́ẹ̀. Hashimoto wá béèrè pé ta ló mọ̀ ọ́n kọ jù ní gbogbo Jàpáànù. Ìyẹn dárúkọ Mansaku Itami. Hashimoto ní ó dáa, òun á kọ ọ́, Itami náà ni òun á sì fi ránṣẹ́ sí.

Ó kọ ọ́ lóòótọ́. Ohun tó wà lójú rẹ̀ ló kọ, ìyẹn àwọn ọmọ ogun tí àìsàn dá dùbúlẹ̀. Ó fi ránṣẹ́, Itami sì fèsì, ó tọ́ka sí àwọn ibi tó kù díẹ̀ káàtó. Ohun tó máa ń wọ̀ mí lọ́kàn ni pé ikọ́ ẹ̀gbẹ kan náà ló dá Itami fúnra rẹ̀ dùbúlẹ̀ sílé ní Kyoto. Aláìsàn kan ló ń ka ìwé aláìsàn kejì.

Nígbà tí Hashimoto kúrò nílé ìtọ́jú, iṣẹ́ owó oṣù ló padà sí, akọ̀wé owó nílé-iṣẹ́ kan ní Himeji tó ń ṣe ohun èlò ogun. Ọkọ̀ ojú irin ló ń wọ̀ lọ wọ̀ bọ̀, inú ọkọ̀ náà ló sì ti ń kọ ìwé eré, ó gbé tákàdá lé itan. Tó bá parí ọ̀kan, á gbé e tọ Itami lọ. Itami kò ní ọmọ ẹ̀kọ́ mìíràn nídìí iṣẹ́ yìí. Ó kú lóṣù Kẹsàn-án 1946.

Ẹlòmíràn á ní ọ̀nà ti dí nìyẹn. Ṣùgbọ́n Kiyoshi Saeki, olùdarí fíìmù tó ti ṣiṣẹ́ lábẹ́ Itami rí, gba ìwé Hashimoto lọ́wọ́ rẹ̀, láti ọ̀dọ̀ Saeki ni ọ̀kan sì ti dé ọwọ́ Akira Kurosawa, olùdarí fíìmù. Inú ìtàn kúkúrú kan tí Ryunosuke Akutagawa kọ ni Hashimoto ti mú un: ọkùnrin kan kú sínú igbó, oníkálùkù tó mọ̀ nípa rẹ̀ sọ bó ṣe kú, kò sì sí ẹnu méjì tó bára mu. Ìwé náà kúrú jù fún fíìmù. Kurosawa ní kó fà á gùn, wọ́n mú ìtàn Akutagawa mìíràn kún un, Kurosawa náà sì tún un kọ. Òun ló di Rashomon, tó jáde ní 1950. Lọ́dún tó tẹ̀ lé e ló gba Kìnnìún Oníwúrà, ẹ̀bùn tó ga jù níbi àjọ̀dún fíìmù Venice. Akọ̀wé owó ni Hashimoto nígbà tó fọwọ́ kọ ọ́.

Nítorí náà, má bínú sí Ìbàdàn. Ohun tí Hashimoto ní, tí o kò sọ fún mi pé ìwọ ní, ni Itami: ẹni tí yóò máa ka iṣẹ́ rẹ bí ìyá ṣe ń ṣa egungun kúrò lára ẹja kó tó fún ọmọ jẹ. Ọ̀rẹ́ tó ń sọ pé “ó dùn gan-an ni” kọ́ nìyẹn o. Nínú gbogbo ìwé tó ti kọjá lójú mi, èyí tó máa ń dùn mí jù ni èyí tó hàn gbangba pé èmi ni ẹni àkọ́kọ́ tó kà á. Parí èyí tó wà lọ́wọ́ rẹ, kí o sì fún ẹni tí ẹnu rẹ̀ ń bà ọ́ lẹ́rù jù nínú àwọn tí o mọ̀.

ÌBÉÈRÈ: Mo kí yín, ìyá. Olùkọ́ tó ti fẹ̀yìn tì ni mí, n'Íjẹ̀bú-Òde. Ẹni tó kọ ìwé ìtàn kan tí mo fẹ́ràn láti ọjọ́ pípẹ́ ti gbà mí láyè kí n sọ ọ́ di fíìmù. Mo ti kọ ojú ewé 140. Gbogbo ohun tó wà nínú ìwé náà ló wà nínú tèmi, síbẹ̀ kò ní ẹ̀mí. Kí ni mo ṣe tí kò dáa?

ÌDÁHÙN: Bàbá, ẹ kú iṣẹ́ ọpọlọ. Ìbéèrè yín jọ èyí tí Itami bi Hashimoto, nígbà tó ní kó lọ máa fi ìtàn oníìtàn kọ́wọ́. Ó béèrè pé ọ̀nà wo ló máa gbà mú un. Hashimoto kọ èsì rẹ̀ sínú ìwé ìrántí rẹ̀ tó jáde ní 2006, èmi kò sì rí àlàyé tó dáa jù ú lọ.

Ó ní màlúù kan wà nínú ọgbà tí kò lè jáde. Ojoojúmọ́ ni òun á máa lọ wò ó, òjò ìbáà rọ̀, oòrùn ìbáà ràn. Òun á dúró níhìn-ín wò ó, òun á yí sí ọ̀hún, títí òun á fi mọ ibi tí ẹ̀mí rẹ̀ wà gan-an. Lọ́jọ́ tí òun bá mọ̀ ọ́n, òun á ṣí ọgbà wọlé, òun á sì pa á pẹ̀lú ẹyọ lílù kan ṣoṣo. Ẹ̀jẹ̀ nìkan ni òun á gbà lọ. Ìwo rẹ̀, awọ rẹ̀, bó ṣe rí lóòró, kò kan òun. Itami rò ó títí, ó ní ó lè rí bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n pé ìwé mìíràn wà tó jẹ́ pé ńṣe ni èèyàn gbọ́dọ̀ bá a kú. Ẹ fi èsì Itami yẹn sọ́kàn pẹ̀lú, torí ẹni tó ń fi ìwé ẹlòmíràn ṣe fíìmù lẹ́rù lọ́rùn.

Ẹ wo bó ṣe lo màlúù yìí. Seicho Matsumoto kọ ìwé ìtàn kan tó ń jẹ́ Suna no Utsuwa, ìyẹn Ìkòkò Oníyanrìn. Ìtàn ọlọ́pàá tó ń wá apànìyàn ni. Ó gùn, ó lọ́ pọ̀. Nínú rẹ̀ lọ́hùn-ún ni a ti gbọ́ pé apànìyàn náà, nígbà tó wà lọ́mọdé, bá bàbá rẹ̀ tó lárùn ẹ̀tẹ̀ rìn kiri, torí wọn kò lè gbé abúlé wọn mọ́. Ìwé náà kò tẹ̀ síbẹ̀ ju ìlà mélòó kan lọ, ohun tó fẹ́rẹ̀ẹ́ sọ ni pé bàbá àti ọmọ nìkan ló mọ ohun tójú wọn rí lójú ọ̀nà. Ibẹ̀ ni Hashimoto àti Yoji Yamada, tí wọ́n jọ kọ ọ́, fi idà bọ̀. Wọ́n gé ọ̀pọ̀ nǹkan dànù. Apá ìkẹyìn fíìmù náà, ìrìn àjò yẹn ni: bàbá àti ọmọkùnrin kékeré nínú yìnyín, nínú ìtànná ìgbà ìrúwé, tí àwọn ọmọ abúlé ń lé wọn. A kì í gbọ́ ohun tí wọ́n ń bára wọn sọ. Orin ló ń dún, torí apànìyàn náà ti di olórin ńlá, ó jókòó sídìí dùùrù níwájú àwọn èrò, nígbà tí ọlọ́pàá ń tú àṣírí rẹ̀ fún àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ níbòmíràn. Mo ti wò ó lẹ́ẹ̀mẹrin, ojú mi kò gbẹ rí.

Iṣẹ́ ọ̀hún kò sì rọrùn láti gbé jáde. Ó lé lọ́dún mẹ́wàá tí ìwé eré náà fi wà nílẹ̀, tí ilé-iṣẹ́ fíìmù ń fà sẹ́yìn. Hashimoto dá ilé-iṣẹ́ tirẹ̀ sílẹ̀ ní 1973, Yoshitaro Nomura sì darí fíìmù náà ní 1974.

Bàbá, nínú ojú ewé 140 yín, gbogbo ara màlúù ni ẹ gbé wálé. Ẹ gbé ìwé náà tì fún ọ̀sẹ̀ mẹ́ta. Lẹ́yìn náà, láìṣí i wò, ẹ kọ ohun tí kò tíì kúrò lọ́kàn yín sórí tákàdá kan. Bó bá jẹ́ ìlà mẹ́ta péré ló dúró fún nínú ìwé oníìwé, kò burú.

ÌBÉÈRÈ: Màmá, èmi àti ọ̀rẹ́bìnrin mi kan jọ ń kọ ìwé eré l'Ábẹ́òkúta. Ìjà ni ní gbogbo ìgbà. Bí mo bá kọ ìran kan, ó ní tòun dáa jù. Ṣé ká pín in ni, kí n kọ ìdajì kóun náà kọ ìdajì? Mo gbọ́ pé ẹni mẹ́ta ló kọ fíìmù Seven Samurai.

ÌDÁHÙN: Ẹ má pín in. Lóòótọ́, ẹni mẹ́ta ló kọ ọ́: Kurosawa, Hashimoto, àti Hideo Oguni tó jẹ́ àgbà láàárín wọn. Àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta náà ló ti kọ Ikiru ní 1952, ìtàn òṣìṣẹ́ ìjọba àgbàlagbà kan tí jẹjẹrẹ inú fẹ́ pa. Ṣùgbọ́n kí n tó sọ bí wọ́n ṣe ń jókòó, jẹ́ kí n sọ ohun tó ṣáájú, torí ó lè ràn yín lọ́wọ́ ju bí ẹ ṣe rò lọ.

Fíìmù náà kọ́ ni wọ́n fẹ́ ṣe. Ohun tí Kurosawa kọ́kọ́ fẹ́ ni ọjọ́ kan ṣoṣo nínú ayé samurai kan, ìyẹn jagunjagun onídà ayé àtijọ́ ní Jàpáànù. Á jí, á lọ síbi iṣẹ́ lọ́dọ̀ olúwa rẹ̀, á ṣe àṣìṣe kan, nígbà tó bá sì máa di ìrọ̀lẹ́, á pa ara rẹ̀ bí àṣà wọn. Hashimoto lọ jókòó ti ìwé ìtàn àtijọ́, oṣù ń gorí oṣù. Ohun tó dá a dúró ni oúnjẹ ọ̀sán. Ṣé samurai ìgbà náà ń di oúnjẹ dání láti ilé ni, àbí wọ́n ń fún un jẹ níbi iṣẹ́? Ṣé ẹ̀ẹ̀mejì ni wọ́n ń jẹun lóòjọ́ ni àbí ẹ̀ẹ̀mẹta? Kò rí ìwé tó sọ ọ́. Ó lọ sọ fún wọn pé òun kò lè kọ ọ́. Kurosawa bínú gidigidi. Wọ́n sì pa iṣẹ́ náà tì.

Mo fẹ́ràn ibí yìí ju gbogbo ẹ̀bùn tí wọ́n gbà lọ. Oúnjẹ ọ̀sán! Mélòó nínú àwa tí a ń kọ ìtàn ọba àti ogun àtijọ́ ló ti fi ìwé sílẹ̀ torí pé a kò mọ ohun tí jagunjagun jẹ lọ́sàn-án?

Èyí tí wọ́n gbìyànjú tẹ̀ lé e ni ìtàn àwọn akọni onídà tó lórúkọ jù, ọ̀kan lẹ́yìn òmíràn. Hashimoto kọ ọ́. Kurosawa kà á, àwọn méjèèjì sì rí i pé kò lè dúró, torí ibi tó gbóná jù nínú ayé akọni kọ̀ọ̀kan nìkan ló wà níbẹ̀. Ọbẹ̀ tó jẹ́ kìkì ata ni.

Ìbéèrè kékeré kan ló gbà wọ́n là. Kurosawa béèrè pé samurai tó ń rìn kiri láti kọ́ idà, tí kò lówó lọ́wọ́, kí ló ń jẹ lójú ọ̀nà? Sojiro Motoki tó jẹ́ olùgbéjáde wọn wádìí rẹ̀ wá. Ilé ìkọ́dà á gbà wọ́n lálejò, tẹ́ńpìlì á gbà wọ́n. Níbi tí kò bá sí méjèèjì, àwọn ará abúlé á fún wọn ní oúnjẹ àjẹyó kí wọ́n lè máa ṣọ́ abúlé lóru nítorí ìgárá ọlọ́ṣà. Àwọn àgbẹ̀ ló ń háyà samurai! Bí wọ́n ṣe gbọ́ ọ ni wọ́n mọ̀ pé ó ti dé. Ẹ rí i pé ọ̀rọ̀ oúnjẹ tó dí ọ̀nà àkọ́kọ́ náà ló ṣí èyí.

Hashimoto kọ́kọ́ kọ ọ́ lódindi. Lẹ́yìn náà ni àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ti ara wọn mọ́ ilé àlejò kan ní Atami, etí òkun. Ẹ gbọ́ bí wọ́n ṣe ń ṣe é. Kurosawa àti Hashimoto á máa kọ ìran kan náà lákòókò kan náà, oníkálùkù lórí tákàdá tirẹ̀. Oguni kì í kọ. Tí wọ́n bá kọ tán, wọ́n á gbé méjèèjì fún un, á kà á, á sọ èyí tó máa wọlé. Bí kò bá sí èyí tó dára, wọ́n á tún jókòó. Kurosawa lórúkọ káàkiri ayé nígbà náà, síbẹ̀ Oguni lè gbé ìwé rẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan kó mú ti Hashimoto. Fíìmù náà jáde lóṣù Kẹrin 1954, ó gba ìṣẹ́jú 207, ó sì gba Kìnnìún Onífàdákà ní Venice lọ́dún náà.

Ìjà yín kò burú. Ẹnì kẹta ni ẹ kò ní. Ẹ wá àgbà kan tí kò ní kọ ìlà kan, tí ẹ ó ti jọ búra pé ohun tó bá mú ni ẹ ó gbà. Kí ẹ̀yin méjèèjì sì kọ ìran kan náà.

ÌBÉÈRÈ: Ṣé fíìmù tiẹ̀ lè yí nǹkan padà fún ẹnikẹ́ni? Ará Ìlọrin.

ÌDÁHÙN: Ní 1951, wọ́n pa tọkọtìyàwó arúgbó kan lábúlé Yakai, ní Yamaguchi. Ẹnì kan jẹ́wọ́, ó sì ka mẹ́rin mìíràn mọ́ ọn. Nígbà tí ẹjọ́ ṣì wà ní kóòtù, Hashimoto kọ Mahiru no Ankoku, Tadashi Imai sì darí rẹ̀, ní 1956. Fíìmù náà sọ gbangba pé àwọn mẹ́rin yẹn kò mọwọ́ mẹsẹ̀. Ó parí síbi tí ọ̀kan nínú wọn ti ń pariwo pé Kóòtù Gíga Jù Lọ ṣì wà. Kóòtù náà dá àwọn mẹ́rẹ̀ẹ̀rin láre ní 1968. N kò ní sọ pé fíìmù ló tú wọn sílẹ̀, àwọn agbẹjọ́rò ló jà á. Ṣùgbọ́n ẹ rò ó wò, kí ẹ wà ní àhámọ́, kí ẹ mọ̀ pé àwọn èèyàn ń gba tíkẹ́ẹ̀tì láti lọ gbọ́ pé ẹ kò jẹ̀bi.

ÌBÉÈRÈ: Ṣé ọkùnrin yìí kò ṣubú rí ni?

ÌDÁHÙN: Ó ṣubú. Ní 1982, lẹ́yìn tí Hakkodasan, fíìmù kan tó kọ, ti pawó rẹpẹtẹ ní 1977, ó kọ fíìmù kan tó ń jẹ́ Maboroshi no Mizuumi, ó sì darí rẹ̀ fúnra rẹ̀. Kò pẹ́ tí wọ́n fi yọ ọ́ kúrò ní sinimá. Kò darí fíìmù mìíràn mọ́.

ÌBÉÈRÈ: Màmá, eré tẹlifíṣọ̀n ni mò ń kọ. Àwọn tó ń ṣe fíìmù ńlá máa ń sọ̀rọ̀ sí mi bíi pé iṣẹ́ ọmọdé ni. Ó ń dùn mí. Ṣé Hashimoto kọ ti tẹlifíṣọ̀n rí?

ÌDÁHÙN: Má jẹ́ kó dùn ọ́, àbúrò. Mo fi tìrẹ ṣe ìkẹyìn torí pé tẹlifíṣọ̀n ni ó ti kọ èyí tí kò fi í lọ́kàn balẹ̀ títí ayé rẹ̀.

Lọ́jọ́ 31 oṣù Kẹwàá 1958, ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n Tokyo tí wọ́n ń pè ní TBS lónìí gbé eré rẹ̀ kan jáde, Watashi wa Kai ni Naritai, ìyẹn Ó Wù Mí Kí N Di Ìṣáwùrú. Téèpù tí wọ́n fi ń gba àwòrán sílẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ dé Jàpáànù ni. Wọ́n ti gba apá kan sórí téèpù, ìyókù ni àwọn òṣèré ń ṣe lójú ẹsẹ̀, tí àwọn èèyàn ń wò nílé. Frankie Sakai tí gbogbo ayé mọ̀ sí aláwàdà ló ṣe olórí eré, onígbàjámọ̀ ìlú kékeré kan. Wọ́n kó o lọ sójú ogun. Ọ̀gá ní kó gún ará Amẹ́ríkà kan tí wọ́n dè mọ́lẹ̀. Ẹ̀rù bà á, apá ló kàn fi ọ̀bẹ ìbọn ha. Ogun parí, ó padà sídìí abẹ rẹ̀, ó ń gé irun èèyàn. Ibẹ̀ ni wọ́n ti wá mú un. Kóòtù ogun ní kí wọ́n lọ so ó kọ́. Nínú lẹ́tà tó kọ sílé gbẹ̀yìn, ó ní bí òun bá máa tún ayé wá, òun kò ṣe èèyàn mọ́. Kí òun di ìṣáwùrú nísàlẹ̀ òkun, kó rọ̀ mọ́ àpáta, níbi tí ẹnikẹ́ni kò ti ní wá múni lọ ogun.

Kí n má fi ohun kan pa mọ́ fún ọ. Ọ̀rọ̀ ìṣáwùrú yẹn, inú ohun tí Tetsutaro Kato kọ ni ó ti wá, ẹni tí wọ́n fi sẹ́wọ̀n torí ẹjọ́ ogun. Wọn kò dárúkọ rẹ̀ níbẹ̀rẹ̀, ó sì fẹjọ́ sùn kí wọ́n tó kọ orúkọ rẹ̀ sí i. Bí o bá gba gbólóhùn lẹ́nu ẹnì kan, kọ orúkọ onítọ̀hún sí i lọ́jọ́ àkọ́kọ́.

Eré náà gba ẹ̀bùn Àjọ̀dún Iṣẹ́ Ọnà, Hashimoto sì darí rẹ̀ bíi fíìmù ní 1959. Kó tó yà á, ó gbé ìwé náà lọ fún Kurosawa. Kurosawa kà á, ó ní pẹ̀lú èyí, ọkùnrin yìí kò ní lè di ìṣáwùrú. Kò sọ ju bẹ́ẹ̀ lọ. Hashimoto yà á bẹ́ẹ̀, àwọn èèyàn sì yìn ín, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ náà há sí i lọ́rùn.

Ní 2008, nígbà tó pé ẹni àádọ́rùn-ún ọdún, wọ́n tún fẹ́ fi ìtàn náà ṣe fíìmù, ó sì fúnra rẹ̀ tún ìwé eré náà kọ. Ìyàwó onígbàjámọ̀ tó fẹ́rẹ̀ẹ́ má ju ojú ẹkún lọ nínú ti àkọ́kọ́ ló wá jáde gedegbe. Ó ń rìn nínú yìnyín láti abúlé kan dé òmíràn lórí òkè, ó ń kan ilẹ̀kùn, ó ń bẹ àwọn èèyàn kí wọ́n fọwọ́ sí ìwé ẹ̀bẹ̀ kí wọ́n má pa ọkọ òun. Bí wọ́n ṣe ń tì í jáde níbì kan ni ó ń lọ sí òmíràn. Tákàdá náà wà lábẹ́ aṣọ rẹ̀ kí omi má bàa kàn án.